Ọjọ́ Orí Ilé, Ọjọ́ Orí Ìjọba: Bàbá Hùnsù Tó Ń Gba Okùn ní Jẹ́tì

Ẹnu Àǹtí Sẹ̀wánù ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ ìtàn yìí, kì í ṣe ẹnu ẹni tó ni ín. Àǹtí Sẹ̀wánù ló gbálẹ̀ jẹ́tì ìjọba, ìyẹn èbúté ọkọ̀ ojú omi, ní Àgbádárìgì fún ọdún gbọọrọ, òun ló ń fi ìgbálẹ̀ lé ewúrẹ́ kúrò lórí pákó, òun náà ló sì jókòó ti bàbá bàbá mi lábẹ́ igi fúrúùtù ẹ̀yìn kóòtù lọ́jọ́ tí ọ̀rọ̀ náà ṣẹlẹ̀. Ọjọ́ kẹjọ tí a sin bàbá ló tó sọ ọ́ fún mi, níbi tí èmi àti ẹ̀ ti ń to ẹja gbígbẹ sínú agbọ̀n lẹ́yìn ilé wa ní Topo. Ọdún mọ́kàndínlógún ló fi pa á mọ́ra. Bàbá ló bẹ̀ ẹ́ pé kó má sọ ọ́ títí ilẹ̀ yóò fi bo òun.

"Ilẹ̀ sì ti bò ó," ó wí, "ẹnu mi ti di tèmi padà."

Hùnsù lorúkọ bàbá bàbá mi. Ọmọ Topo ni, ní òdìkejì ọ̀sà níbẹ̀ yẹn, níbi tó jẹ́ pé bí a bá fẹ́ ra ìsáná tó dáa, a ó kọ́kọ́ wọkọ̀ ojú omi ná. Iṣẹ́ rẹ̀ kò gba àlàyé púpọ̀. Ọkọ̀ á dé, awakọ̀ á ju okùn, bàbá á gbá a mú, á so ó mọ́ òpó, á wá na ọwọ́ sí àwọn èrò kí wọ́n má baà já sómi. Bí ọkọ̀ kò bá sí nítòsí, a máa mú àdá, a máa gé koríko orí omi tó ń dí ẹnu jẹ́tì. Ọdún méjìdínlógójì ló fi ṣe é, ọdún méjìdínlógójì náà ló sì fi jẹ́ kájúà.

Ta ni kájúà? Ẹni tó ń ṣe iṣẹ́ ìjọba ni, tí ìjọba kò kọ orúkọ rẹ̀ sínú fáìlì kankan tó nípọn. Pámánẹ́ǹtì ni ẹni tí wọ́n ti gbà tọwọ́tẹsẹ̀, tó bá ṣàìsàn wọ́n á béèrè rẹ̀, tó bá darúgbó wọ́n á mọ̀ pé ó darúgbó. Lẹ́yìn àlàáfíà àwọn ọmọ rẹ̀ àti ẹja ọ̀bọ̀kún tí wọ́n fi ata sè dáadáa, ohun kan ṣoṣo tí bàbá fẹ́ láyé yìí ni kí ìjọba sọ ọ́ di pámánẹ́ǹtì. Kò rí i gbà. Mò ń bọ̀ wá sọ ìdí rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká rọra máa bọ̀. Bàbá kì í kánjú, ìtàn rẹ̀ náà kò gbọdọ̀ sáré.

Ẹ jẹ́ n ti ibi ìjà bẹ̀rẹ̀, nítorí ìjà rẹ̀ dùn-ún gbọ́ ju àlàáfíà ẹlòmíràn lọ. Òun àti Sulé awakọ̀ ni wọ́n jọ ń jà jù. Ọmọ ìlú Òjó ni Sulé, Mùsùlùmí tí kò jẹ́ fi ìrun ṣeré, àmọ́ kò ní sùúrù rárá lórí omi. Ọkọ̀ rẹ̀ á ti máa fi imú gbá òpó kí bàbá tó rí okùn mú.

"Sulé! Pa ẹ́ńjìnnì yẹn!"

"Mo ti pa á, Bàbá."

"Kí ló wá ń dún? Ikùn rẹ ni?"

"Ẹ gba okùn, ẹ fi ikùn mi sílẹ̀. Kájúà lásánlàsàn!"

"Kájúà ni mí lóòótọ́. Kájúà yìí náà ni yóò fà ọ́ jáde lọ́jọ́ tí omi bá gbé ọ mì."

Àwọn èrò á máa rẹ́rìn-ín, ọkọ̀ á máa mì, ìyá ẹlẹ́ja kan á ní, "Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ sọ̀kalẹ̀, kí ẹ tó máa bá ìjà yín lọ." Bó bá di ọ̀sán, wàá rí àwọn méjèèjì tí wọ́n ń jẹun nínú abọ́ kan. Nínú oṣù Ràmàdánì, bàbá kì í fi oúnjẹ kan ẹnu ní ìṣojú Sulé. Ẹ̀yìn ilé ìgbọ̀nsẹ̀ jẹ́tì ló ti ń lọ jẹ gààrí rẹ̀, kì í sì í jẹ́ kó mọ̀. Mo bi í léèrè lọ́jọ́ kan pé kí ló dé tó ń pariwo mọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ báyìí lójú gbogbo ayé. Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ẹnu, ó ní, "Bí o bá rí ẹni tí mi ò pariwo mọ́, mo ti fi onítọ̀hún sílẹ̀ fún omi nìyẹn."

Ọwọ́ rẹ̀ le bí awọ ẹja tí èéfín ti mú. Bí ó bá dì ọ́ lọ́wọ́ mú, o kò ní já bọ́, àmọ́ wàá rántí rẹ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Kò ní aago. Ìró ọkọ̀ ló fi ń mọ àkókò, ó sì ń mọ ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan kó tó yọ lójú omi. Yorùbá rẹ̀ kún fún Ògù. Èmi tí mo jẹ́ ọmọ-ọmọ rẹ̀, "ovi ṣié" ló ń pè mí, ìyẹn "ọmọ mi" ní èdè Ògù, bí inú rẹ̀ bá dùn. Bí inú rẹ̀ kò bá dùn, á pe orúkọ tí mo fi ṣe ìrìbọmi, gbogbo rẹ̀ pátá, títí dé ti ẹni mímọ́ tó kẹ́yìn.

Ọ̀rọ̀ kan wà tí ẹ gbọ́dọ̀ mọ̀ nípa kájúà jẹ́tì kí ìyókù tó lè yé yín. Ní oṣù mẹ́ta-mẹ́ta ni wọ́n máa ń gé wọn. Bó bá ti pé oṣù mẹ́ta, ọ̀gá á gba àwọ̀lékè pupa àti bàtà rọ́bà padà lọ́wọ́ wọn, á ní kí wọ́n lọ sinmi fún ọ̀sẹ̀ kan. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, á tún gbà wọ́n bí ẹni tí kò rí wọn rí.

"Kí lorúkọ yín, Bàbá?"

"Hùnsù, ọmọ mi. Òun náà ni mò ń jẹ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá."

Ṣé ẹ rí i, bí ìwé bá ń já ní oṣù mẹ́ta-mẹ́ta, kò sí ẹni tó lè sọ pé òun ti pẹ́ níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ọkọ̀ kì í sinmi. Nítorí náà, nínú ọ̀sẹ̀ tí wọ́n gé wọn yìí, gbogbo wọn ni yóò ṣì wá síbi iṣẹ́, ọ̀gá á sì kọjú sí ibòmíràn. Ohun tó kàn yàtọ̀ ni pé wọn kò gbọdọ̀ wọ aṣọ ìjọba. Oríṣi aṣọ méjì péré ni bàbá ní lẹ́yìn ti ìjọba: èyí tó ya tó fi ń pẹja, àti búbá òun ṣòkòtò léèsì funfun tó fi ń gba Kọmúníọ̀n. Ọ̀gá ti sọ fún un pé kó má fi èyí tó ya dójú ti àwọn mọ́. Léèsì funfun náà ló wá di aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ gígé.

Ẹ fojú inú wò ó. Bàbá nínú léèsì, fìlà lórí, okùn ẹlẹ́rẹ̀ lọ́wọ́. Àwọn ará Topo kì í béèrè mọ́. Bí ọkọ̀ bá ti ń súnmọ́ tí wọ́n rí funfun lórí jẹ́tì, wọ́n á ní, "Háà, wọ́n ti gé wọn. Ẹ wo Bàbá bó ṣe ń dán!" Àwọn àlejò tó wá wo nǹkan àtijọ́ ní Àgbádárìgì máa ń rò pé olóyè ló jáde wá pàdé wọn. Wọ́n á kúnlẹ̀, wọ́n á ní kí ó jẹ́ kí àwọn ya fọ́tò. Bàbá á sì súre fún wọn kó tó ní kí wọ́n ṣọ́ ẹsẹ̀ wọn.

Ìyá Àgbà, ìyàwó rẹ̀, ni kì í rẹ́rìn-ín, nítorí òun ló ń fọ léèsì.

"Bàbá Sẹ̀tọ́njí, aṣọ Ọlọ́run lẹ fi ń fa okùn ẹrẹ̀!"

"Ta ló dá omi?"

"Ẹ má bi mí ní katikísìmù. Wọ́n ní kí ẹ sinmi. Ẹ jókòó sílé, kí ẹ sinmi bí ẹlẹgbẹ́ yín!"

Bàbá á wo ojú ọ̀sà títí, bí ẹni tó ń ro ọ̀rọ̀ náà lóòótọ́, á sì ní, "Èmi ni wọ́n gé. Wọn ò tíì gé omi."

Bí ẹ bá bi bàbá pé ọmọ ọdún mélòó ni, òun náà á bi yín pé, "Èwo?" Ọjọ́ orí méjì ló ní, kì í sì í fi wọ́n dàrú mọ́ ara wọn. Nígbà tó wà ní ọmọ ọdún mọ́kàndínláàádọ́ta, ìròyìn kan gba jẹ́tì kan pé ìjọba fẹ́ sọ àwọn kájúà di pámánẹ́ǹtì, ṣùgbọ́n wọn kò ní gba ẹni tó bá ti ju ogójì ọdún lọ. Gbogbo ayé ló rọ́ lọ sí kóòtù lọ búra ọjọ́ orí tuntun. Bàbá bá wọn tò. Ẹlòmíràn yọ ọdún mẹ́ta, ẹlòmíràn yọ márùn-ún. Nígbà tó kan bàbá, akọ̀wé kóòtù ní, "Mélòó, Bàbá?" Ó ní mẹ́rìndínlógójì. Ọdún mẹ́tàlá ló yọ lẹ́ẹ̀kan náà! Ó ní bí ènìyàn bá máa ki ọwọ́ bọ inú irọ́, kó mú èyí tó máa yó o.

Bàbá mi, Sẹ̀tọ́njí, tó jẹ́ àkọ́bí rẹ̀, ti di ọmọ ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n nígbà náà. Ó mú ìwé náà, ó kà á, ó fi ìka ṣírò, ó bú sẹ́rìn-ín.

"Bàbá, ẹ bí mi nígbà tí ẹ wà ní ọmọ ọdún mẹ́jọ!"

"Mo já fáfá ni."

"Ìyá mi ńkọ́? Ìyá mi jẹ́ ọmọ ọdún mélòó?"

"Lọ bi í. Òun kò tíì búra."

Ìròyìn náà kò wá sí nǹkan kan. Wọ́n ní ìjọba ti yí padà, ìyẹn tuntun kò mọ̀ sí i. Àwọn kájúà wà ní kájúà, ọdún mẹ́tàlá tí bàbá yọ sì wà nínú ìwé níbi tó yọ ọ́ sí, ó ń bá a dàgbà díẹ̀díẹ̀. A máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ nílé. Bí egungun bá ń dùn ún, Ìyá Àgbà á ní, "Ti ilé ló ń dùn yín ni, àbí ti ìjọba?" Òun náà á dáhùn pé, "Ìjọba tún mi bí, àmọ́ wọ́n gbàgbé láti fún mi lọ́mú."

Báyìí ni ọ̀rọ̀ wà títí Kòjó fi ṣubú.

Ọ̀dọ́kùnrin kan láti Ajido ni Kòjó, ẹni tó ń ran bàbá lọ́wọ́ níbi okùn. Òjò ti rọ̀, pákó ń yọ̀, Kòjó na ọwọ́ gba ọmọ kan lọ́wọ́ ìyá rẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ yọ̀, ọkọ̀ sì fún ẹsẹ̀ náà mọ́ òpó. Ọmọ náà kò fara pa. Ẹsẹ̀ Kòjó ni kò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n gbé e lọ sílé ìwòsàn, bàbá sì lọ sí ọ́fíìsì lọ sọ fún wọn pé òṣìṣẹ́ wọn kan ti ṣubú. Ọ̀gá kan ṣí ìwé, ó pa á dé. Ó ní ọ̀sẹ̀ gígé ni, kò sí òṣìṣẹ́ kankan ní jẹ́tì lọ́sẹ̀ yìí.

"Mo wà níbẹ̀," bàbá wí. "Léèsì mi nìyí, ẹ wo ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ lára mi."

"Bàbá, ẹni tí kò sí níbi iṣẹ́ kò lè fara pa níbi iṣẹ́."

Ẹ̀ẹ̀mẹta ló padà lọ, èsì kan náà ni. Nígbà tó dé láti ẹ̀kẹta, ó kó gbogbo wọn jọ sábẹ́ ibùdó èrò, ogún ni wọ́n bí a bá ka òun àti Kòjó tó wà nílé ìwòsàn mọ́ wọn, àwọn tó ń gba okùn, àwọn tó ń gé koríko, Àǹtí Sẹ̀wánù tó ń gbálẹ̀. Wọ́n rò pé ọ̀rọ̀ gígùn ló fẹ́ sọ. Ó kàn ní, "Àwọn ará ọ́fíìsì ní a kò sí. Ẹ jẹ́ ká lọ bi adájọ́ bóyá a wà."

Ẹjọ́ náà rìn bí ìgbín. Lọ́yà wọn jẹ́ ọmọbìnrin kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbé iṣẹ́ nílẹ̀, ọmọ ìlú, tó gba ẹjọ́ náà nítorí pé bàbá ló ń dì í lọ́wọ́ mú nígbà tó ń wọkọ̀ lọ sílé ìwé. Ohun tí ìjọba ń sọ kò ju ẹyọ kan lọ: kò sí ẹnikẹ́ni nínú wọn tó ṣiṣẹ́ ju oṣù mẹ́ta lọ rí, ìwé wọn ló sọ bẹ́ẹ̀. Láti fọ́ ìyẹn, wọ́n nílò ẹnì kan tó wà níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀, tó lè sọ pé orí ìwé nìkan ni gígé náà wà, pé kò sí ọ̀sẹ̀ kan tí wọ́n jókòó sílé. Ẹni náà kò lè jẹ́ ẹlòmíràn. Bàbá nìkan ló kù nínú àwọn tó kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀.

Láti ibí yìí lọ, ọ̀rọ̀ Àǹtí Sẹ̀wánù ni mò ń sọ.

Ó ní bàbá wọ léèsì lọ́jọ́ náà, ó sì dúró gbọnyin níbi tí ẹlẹ́rìí ń dúró sí. Ó sọ tẹnu rẹ̀ dáadáa. Ó wá kan lọ́yà ìjọba, géńdé kan tó jẹ́ ọmọlúwàbí, tí kò gbé ohùn sókè rárá.

"Ẹ káàbọ̀, Bàbá. Ẹ ní ẹ wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n ri òpó jẹ́tì àkọ́kọ́?"

"Èmi ni mo di òpó mú. Ẹlòmíràn ló ń lù ú. Ó lu ọwọ́ mi náà díẹ̀."

Gbogbo kóòtù rẹ́rìn-ín. Lọ́yà náà rẹ́rìn-ín.

"Ọdún méjìdínlógójì sẹ́yìn nìyẹn?"

"Bẹ́ẹ̀ ni."

Ó wá mú ìwé kan jáde. "Ṣé àtẹ̀ka yín nìyí, Bàbá?"

Bàbá wo ìwé náà. Ìwé ìbúra ọjọ́ orí ni. "Tèmi ni."

"Gẹ́gẹ́ bí ìwé yìí, ọmọ àádọ́ta ọdún ni yín lónìí. Bí a bá yọ méjìdínlógójì kúrò nínú àádọ́ta, ó ku méjìlá. Ṣé ọmọ ọdún méjìlá ni yín nígbà tí ìjọba gbà yín láti ri òpó?" Ó gbé ìwé náà sórí tábìlì. "Nínú méjèèjì, Bàbá, ọ̀kan kì í ṣe òótọ́. Bí ẹ kò bá sí níbẹ̀ nígbà náà, kí la wá fẹ́ gbọ́ lẹ́nu yín nípa àwọn yòókù?"

Adájọ́, ìyá kan tí jígí ojú rẹ̀ máa ń sọ̀kalẹ̀ sí imú, wo aago, ó ní kí gbogbo wọn lọ mí síta fún ìdajì wákàtí.

Wọ́n jókòó sábẹ́ igi fúrúùtù. Lọ́yà wọn bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ níwájú bàbá.

"Bàbá, ọgọ́ta ọdún ni ìjọba ń dá òṣìṣẹ́ dúró. Bí ẹ bá sọ ọjọ́ orí yín gan-an, ẹ ti fọwọ́ ara yín yọ orúkọ yín kúrò. Bí a tilẹ̀ borí, kò ní kàn yín."

"Bí mi ò bá sọ ọ́ ńkọ́?"

"Ẹ̀rí yín á fọ́. A ò sì ní ẹlòmíràn." Ó dìde. "Mi ò lè ní kí ẹ purọ́, Bàbá. Mi ò sì lè bá yín yàn án."

Nígbà tó lọ tán, Àǹtí Sẹ̀wánù sún mọ́ bàbá. "Bàbá, ẹ sọ pé ẹ ti gbàgbé. Arúgbó máa ń gbàgbé."

"Sẹ̀wánù, bí mo bá jẹ́ arúgbó tó ń gbàgbé, mi ò lè jẹ́ ọmọ àádọ́ta mọ́ nìyẹn."

Ó ní ẹ̀rín pa òun, ẹkún sì tún gbẹ̀yìn rẹ̀. Bàbá ṣa fúrúùtù kan nílẹ̀, ó nù ún, ó jẹ ẹ́. Kòjó wà ní òdìkejì àgbàlá, ó na ẹsẹ̀ rẹ̀ sórí bẹ́ǹṣì, ó ń bá ìyá oníbúrẹ́dì kan ṣe yẹ̀yẹ́.

"Ọmọ ọdún mélòó ni Kòjó?"

"Mọ́kàndínlọ́gbọ̀n."

"Ti ilé ni, àbí ti ìjọba?"

"Kòjó? Kòjó kò mọ irọ́ pa, Bàbá."

"Ó dáa bẹ́ẹ̀. Ọdún ṣì kù fún un níwájú." Ó ju kóró fúrúùtù náà nù, ó gbọn léèsì rẹ̀. "Má sọ èyí fún àwọn ará ilé mi o, kí o sì bá mi bẹ àwọn yòókù bẹ́ẹ̀. Sẹ̀tọ́njí á bá mi jà, ìyá rẹ̀ á sọkún, mi ò sì ní agbára méjèèjì lẹ́ẹ̀kan náà. Ó di ìgbà tí ilẹ̀ bá bò mí."

Wọ́n wọlé padà. Adájọ́ rán an létí pé ó ti búra.

"Olúwa mi, ọmọ ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́ta ni mí. Topo ni wọ́n bí mi sí, ibẹ̀ ni wọ́n ti ṣe ìrìbọmi fún mi, ìwé rẹ̀ wà lọ́wọ́ àwọn Fadá. Ọmọ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n ni mí lọ́jọ́ tí mo di òpó mú."

"Ìwé ìbúra yìí ńkọ́?" adájọ́ bi í.

"Irọ́ ni. Wọ́n ní àwọn ò gba ẹni tó ju ogójì lọ."

"Bàbá, ṣé ẹ mọ̀ pé ẹ̀ṣẹ̀ ni? Ṣé ẹ sì mọ̀ pé nínú ọgbà yìí gan-an lẹ ti búra irọ́ náà?"

"Mo mọ̀, Olúwa mi. Ibi tí mo gbé e sí náà ni mo wá gbé e kúrò."

Àǹtí Sẹ̀wánù búra fún mi pé adájọ́ yọ jígí, ó fi etí aṣọ nù ún, kò sì tètè gbé e padà sójú. Ó bá bàbá wí dáadáa, ó ní òun lè fi í sátìmọ́lé. Lẹ́yìn náà ó ní kó máa bá ọ̀rọ̀ rẹ̀ lọ. Bàbá bá a lọ. Ó sọ ọ̀sẹ̀ gígé kọ̀ọ̀kan tó rántí, ta ló wà lórí okùn, ta ló wà nínú koríko, ọ̀sẹ̀ tí òjò mú kí léèsì lẹ̀ mọ́ ọn lára. Lọ́yà ìjọba ní òun kò ní ìbéèrè mọ́.

Oṣù méje lẹ́yìn náà ni ìdájọ́ jáde. Adájọ́ ní wọ́n wà. Ó ní ìjọba kò lè fi ìwé gé ẹni tí kò jẹ́ kó lọ sílé. Àwọn mọ́kàndínlógún di pámánẹ́ǹtì, wọ́n sì tọ́jú ẹsẹ̀ Kòjó. Ní ti ẹni ogún, ìwé ìdájọ́ sọ pé ó ti kọjá ọjọ́ orí iṣẹ́ ìjọba.

Ohun tí àwa rí nílé kò ju pé bàbá wọlé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan láìsí bàtà rọ́bà lẹ́sẹ̀.

"Wọ́n ní kí n lọ sinmi," ó wí.

"Ọ̀sẹ̀ mélòó?" Ìyá Àgbà bi í. Kò tilẹ̀ gbé ojú kúrò nínú ìkòkò.

"Lọ́tẹ̀ yìí, wọn ò sọ."

Ó sọ fún wa pé ìwé òun kò pé. Bàbá mi fárígá. "Ọdún méjìdínlógójì! Ìwé wo ni kò pé?" Ó fẹ́ lọ bá wọn jà ní ọ́fíìsì, bàbá ní kó jókòó jẹun. Èmi náà dé láti ilé ẹ̀kọ́, ọmọ ọdún mọ́kànlélógún ni mí, mo ti ń rò pé mo gbọ́n. Mo ní, "Bàbá, ẹ̀yin lẹ kó gbogbo wọn lọ sí kóòtù, ẹ̀yin nìkan lẹ padà lọ́wọ́ òfo." Mo sọ ọ́ bí ẹ̀fẹ̀. Mo sì tún un sọ lọ́dọọdún, nígbà Kérésì, nígbà Àjíǹde, níwájú àwọn àna. Kò bínú rí. Ìgbà kan ṣoṣo ló fèsì, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ovi ṣié, ẹni tó ń so okùn kì í bá ọkọ̀ lọ." Mo rò pé òwe ló ń pa kó lè bọ́ lọ́wọ́ ọ̀rọ̀ mi.

Ọmọ ọdún méjìlélọ́gọ́rin ló wà nígbà tó sùn tí kò jí, ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan tí ọ̀sà tòrò. Nígbà tí a fẹ́ tẹ ìwé ìkéde òkú, àbúrò rẹ̀ kan ní kí á kọ àádọ́rùn-ún sí i kó lè gbayì. Bàbá mi ní, "Ẹ̀yin náà? Ìjọba mú un dín, ẹbí tún fẹ́ fi kún un!" A rẹ́rìn-ín títí omijé fi dé. Méjìlélọ́gọ́rin la kọ. Kòjó wá síbi ìsìnkú, ó ń tiro díẹ̀, òun ti di ọ̀gá jẹ́tì. Àwọn tó ṣẹ́kù nínú àwọn mọ́kàndínlógún ló gbé pósí sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀, wọn kò jẹ́ kí àwa ọmọ-ọmọ fọwọ́ kàn án. Mo rò pé ìwà ọmọlúwàbí ni. Mi ò mọ̀ pé gbèsè ni.

Àfìgbà tí Àǹtí Sẹ̀wánù sọ ọ́ tán. Ẹja ti tán nílẹ̀. Ó di ẹnu agbọ̀n, ó jókòó lé e lórí, ó wò mí.

"Mo fẹ̀yìn tì lọ́dún tó kọjá. Wọ́n pè mí sókè, wọ́n ka orúkọ mi, wọ́n bá mi ya fọ́tò. Ọmọ, ọdún mẹ́tàlá tí bàbá rẹ dá padà ní kóòtù ni mo wọ̀ lọ síbẹ̀."

Mò ń ro gbogbo Kérésì tí mo fi ọ̀rọ̀ rẹ̀ pa àwọn àna lẹ́rìn-ín. Èmi náà ń ṣiṣẹ́ ìjọba báyìí, mo sì mọ ọ́fíìsì tó kún fún àwọn ènìyàn tí ọmọ wọn súnmọ́ wọn lọ́jọ́ orí ju bó ṣe yẹ lọ. Mi ò bú ẹnikẹ́ni. Ìlú ló kọ́kọ́ ní òun ò gbà wá bí a ṣe rí.

Ṣùgbọ́n ìwọ tí o jókòó síbẹ̀ yẹn, tí o ń gbọ́ mi, bóyá ìwọ náà fi ọdún díẹ̀ pamọ́ síbì kan: bó bá di ọjọ́ tí ẹni mọ́kàndínlógún ń wo ẹnu rẹ, tí adájọ́ sì bi ọ́ léèrè, ọmọ ọdún mélòó ni wàá ní o jẹ́?